Ohun Tí Ojú Kò Rí Nínú Kànga Alhaja

Bàbá mi, olùkọ́ mi àkọ́kọ́,

Tèmi yè. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ìyẹn, nítorí mo mọ̀ pé ibẹ̀ ni ọkàn yín máa kọ́kọ́ lọ. Ọmọ-ọmọ yín yè, ó ti ń jẹun, ó sì ti ń bá mi jiyàn lórí aṣọ tó fẹ́ wọ̀. Èmi ìyá rẹ̀ ni n kò tíì yé gbọ̀n. Bó bá wúkọ́, mo ti dìde. Bó bá pẹ́ díẹ̀ nílé ìgbọ̀nsẹ̀, mo ti dúró sẹ́nu ọ̀nà, mo ń pe orúkọ rẹ̀.

Láti ìgbà tí a ti sin yín sí Ifọ̀, n kò kọ nǹkan kan sí yín. Àárò yín ń sọ mí, ṣùgbọ́n n kò mọ ohun tí mo fẹ́ wí. Ní báyìí ó ti pọ̀ jù fún mi láti dá gbé.

Ṣé ẹ rántí bí ẹ ṣe máa ń dúró lẹ́bàá dúrọ́ọ̀mù omi tí ẹ bá ti ilé ẹ̀kọ́ dé, tí ẹ ń fi ọṣẹ ha abẹ́ èékánná, tí ẹ sì ń sọ ìtàn fún wa bí ẹ ti ń ha á? Àwọn ọmọ yòókù ní àdúgbò ń gbọ́ ìtàn ìjàpá. Tiwa ni ti oníṣòwò aṣọ kan ní ilẹ̀ Họ́lándì láyé àtijọ́, tó ń fi dígí kéékèèké wo òwú aṣọ, tó wá fi irú dígí bẹ́ẹ̀ wo ẹ̀kán omi lọ́jọ́ kan, tó rí i pé àwọn ohun abẹ̀mí ń rìn nínú rẹ̀. Nígbà tí mo di télọ̀ tí inú mi kò dùn sí i, ìtàn yẹn náà lẹ fi tù mí nínú. Ẹ ní kò sí ibi tí ẹni tó ń tẹjú mọ́ òwú kò lè fojú dé.

Ìtàn kejì yín ni ti dókítà ìlú London tó ń bi àwọn èèyàn léèrè ibi tí wọ́n ti ń pọn omi nígbà tí onígbáméjì ń pa wọ́n. Gbogbo ayé ní afẹ́fẹ́ burúkú ni. Òun ní omi ni, ó sì ní kí wọ́n yọ irin tí wọ́n fi ń fa omi ẹ̀rọ kan jáde, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò rí kòkòrò kankan fúnra rẹ̀. Ó ti kú tipẹ́ kí ará Jámánì kan tó wá rí i lábẹ́ awò tó ń sọ ohun kékeré di ńlá, kòkòrò tó tẹ̀ bíi kọ́mà. Mo máa ń sùn lọ kí ẹ tó dé ibi ará Jámánì. Mi ò mọ̀ pé ó máa kàn mí.

Bàbá, ẹ ò mọ Alhaja onílé wa ní Lotto, ní Mowe níbí. Lẹ́yìn tí ọkọ wọn kú ni wọ́n gbẹ́ kànga kan sí iwájú ilé, wọ́n fi ṣe sàárà, kí láádá rẹ̀ lè máa tẹ̀ lé olóògbé lọ. Wọn kò ti kọ́kọ́rọ́ mọ́ ọn, wọn kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ìjọ yòówù kí èèyàn máa lọ, mọ́ṣáláṣí yòówù kó ti máa kírun, omi Alhaja la jọ ń pọn. Tí mo bá kí wọn pé ẹ kú iṣẹ́ àánú, wọ́n á ní kí n gbàdúrà fún baálé wọn.

Lọ́dún yìí, òjò kan rọ̀ tí àgbàrá fi gba ojú pópó. Sálángá ilé tuntun kan wà lókè wa, lẹ́yìn ògiri. Ó kún, ó sì ṣàn wá sí iwájú ilé wa. A gbá ẹrẹ̀, a ṣí ojú gọ́tà, a gbàgbé rẹ̀. Kò pẹ́ sígbà náà ni Baba Ṣọlá, bíríkìlà tó ń gbé yàrá tó kọjú sí tèmi, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣu, tó ń bì. Omi funfun bí èyí tí a fi ṣan ìrẹsì. Àárọ̀ ló bẹ̀rẹ̀. Kí oòrùn tó wọ̀, ojú rẹ̀ ti jìn wọnú, ó sì kú sínú kẹ̀kẹ́ kí wọ́n tó gbé e dé ọsibítù. Àwọn kan ní oúnjẹ tó jẹ níbi iṣẹ́ ni. Àwọn kan ní aráyé ni. Ìyàwó rẹ̀ jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, kò lè sunkún.

Ọjọ́ kejì ni Tèmi bẹ̀rẹ̀.

N kò lè ròyìn ìrìn àjò yẹn tán fún yín. Mo gbé e mọ́ àyà láti Mowe dé ọsibítù Ibafo, mo ń fún un lómi oníyọ̀ àti ṣúgà díẹ̀díẹ̀, ó ń bì í, mo tún ń fún un. Nígbà tí wọ́n wá iṣan rẹ̀ fún dírípù tí wọn kò tètè rí i, ẹ̀yin ni mo pè, kì í ṣe Ọlọ́run. Ṣé ẹ gbọ́?

Wọ́n rí iṣan náà. Nígbà tí mo gbójú sókè, mo rí i pé àwọn ará àdúgbò wa ló wà lórí àwọn bẹ́ẹ̀dì tó kù. Ibẹ̀ ni dókítà London yín ti dìde nínú orí mi. Mo ń ti ọ̀dọ̀ ẹnì kan dé ọ̀dọ̀ ẹlòmíì, mo ń béèrè ibi tí wọ́n ti ń mu omi. Kànga Alhaja. Kànga Alhaja. Àwọn ará ẹ̀yìnkùlé wa tó jẹ́ pé omi inú ọ̀rá nìkan ni wọ́n ń mu, kò sí ọ̀kan nínú wọn níbẹ̀. Ẹ̀rù tó bà mí nígbà náà yàtọ̀ sí ti àkọ́kọ́, nítorí ó ti di ohun tí mo mọ̀, mo sì gbọ́dọ̀ lọ sọ ọ́.

Nígbà tí Tèmi lè jókòó, mo fi í sílẹ̀ fún bàbá rẹ̀, mo padà sí Lotto, mo kúnlẹ̀ níwájú Alhaja. Wọ́n gbọ́ mi dópin.

“Ìyá Tèmi, omi tí mo fi ń wá àánú fún ọkọ mi lo wá ń pè ní májèlé?”

“Ẹ má bínú, mà. Nǹkan ló kó sínú rẹ̀.”

“Kí ló kó sínú rẹ̀? Mo wò ó láàárọ̀ yìí. Ó mọ́ gaara.”

“Kì í ṣe ohun tí ojú ń rí, mà.”

“Ohun tí ojú ò rí, ìwọ báwo lo ṣe rí i?”

Bàbá, kí lẹ̀ bá ti sọ? Wọ́n tún ní, “Èmi náà ń mu ún. Kí ló dé tí kò ṣe mí?”

“Ẹ kì í mu tútù, mà. Nítorí eyín tó ń dùn yín ni. Ẹ máa ń sè é kí ẹ tó mu ún.”

Wọ́n wo kọ́ọ̀bù tíì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn bí ẹni pé ẹlòmíì ló gbé e síbẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n dìde, wọ́n mú ìborùn wọn. “Mú mi lọ síbi tí wọ́n ti lè fi hàn mí.”

Obìnrin tó ń ṣiṣẹ́ ní láàbù ọsibítù náà ṣàánú wa. Ó fi ẹ̀kán kan látinú ìgbọ̀nsẹ̀ aláìsàn sábẹ́ awò, ó sì ní kí Alhaja bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ díẹ̀. Wọ́n yọ gíláàsì ojú wọn, wọ́n di ojú kan. Wọ́n pẹ́ níbẹ̀.

“Wọ́n ń sáré,” ni Alhaja wí. “Wọ́n ń sáré bí ẹni tí wọ́n rán níṣẹ́.”

“Àwọn nìyẹn, mà,” ni obìnrin láàbù dáhùn. “Àwọn ló ń dá a sílẹ̀.”

A fi omi kànga tí a bù dání sílẹ̀ fún wọn láti yẹ̀ wò, ṣùgbọ́n Alhaja kò dúró de èsì. Bí a ti délé ni wọ́n tú okùn kúrò lára korobá, tí wọ́n sì ní kí wọ́n gbé páànù bo kànga. Nígbà tí èsì dé, ohun tí mo bẹ̀rù náà ni. Alhaja lọ bá Ìyá Ṣọlá ní yàrá rẹ̀, wọ́n sì kúnlẹ̀, àgbà obìnrin bẹ́ẹ̀, níwájú ọmọ tí wọ́n lè bí. Ìyá Ṣọlá fà wọ́n dìde, ó sì wá sunkún tí kò rí sun láti ọjọ́ yìí.

Àtìgbà yẹn ni n kò ti ní ìsinmi. Ìtàn yín kan wà tí ẹ kì í parí: ti dókítà Vienna tó rí i pé ọwọ́ àwọn dókítà fúnra wọn ló ń gbé ikú lọ bá àwọn abiyamọ, tó ní kí wọ́n máa fọwọ́, tí wọ́n fi ṣe yẹ̀yẹ́. Mo ti ka òpin rẹ̀ fúnra mi. Ilé àwọn wèrè ló kú sí. Ṣé ìdí tí ẹ kì í fi parí rẹ̀ nìyẹn? Alhaja kò jẹun mọ́. Wọ́n bi mí bóyá sàárà tó pa èèyàn ṣì ń jẹ́ sàárà. Mo ní n kò mọ̀. Mo ń rò ó pé bí n kò bá sọ̀rọ̀, ọkàn wọn ì bá balẹ̀ títí wọn yóò fi lọ; ṣùgbọ́n àwọn ọmọ mélòó ni ì bá tẹ̀ lé Baba Ṣọlá?

Lọ́sẹ̀ tó kọjá wọ́n ránṣẹ́ pè mí. Mo lọ. Agbẹ́kànga ti dúró pẹ̀lú ọkọ́ rẹ̀. Alhaja ní kí n nawọ́ síbi tí wọ́n máa gbẹ́ tuntun sí. N kò lè nawọ́ síbì kankan. Mo ní télọ̀ ni mí, bàbá mi ló mọ̀ ọ́n. Mo bẹ̀ wọ́n kí a pe òṣìṣẹ́ ìmọ́tótó láti Owódé Ẹ̀gbá. Ó wá, ó wo sálángá gbogbo tó yí wa ká, ó sì fi ẹsẹ̀ sàmì sí orí fàráńdà Alhaja gan-an, ibi tó ga jù nínú ọgbà tó sì jìnnà sí gbogbo wọn. Alhaja ní kí wọ́n wó fàráńdà náà.

Lónìí wọ́n kan omi. Àwọn ọmọ sáré wá pẹ̀lú korobá, Tèmi wà lára wọn. Kí n tó lanu, Alhaja ti na apá méjèèjì sórí kànga náà, wọ́n ń pariwo.

“Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fi kan ẹnu! Ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ́kọ́ yẹ̀ ẹ́ wò n’Íbafo!”

Ìyá Ṣọlá ló gbé ìgò omi náà lọ síbẹ̀. A ń dúró dè é. Ẹ̀rù ṣì ń bà mí, Bàbá mi. Ṣùgbọ́n èmi nìkan kọ́ ló ń bà mọ́.

Èmi ni, ọmọbìnrin yín, tó ṣì ń wá yín lẹ́bàá dúrọ́ọ̀mù omi.