Gàrí Tí Mi Ò Jẹ́ Kó Kan
Ẹ jọ̀ọ́ ẹ̀yin ará page yìí, ẹ fi orúkọ mi pamọ́. Màmá ọkọ mi ò ṣarán. Èmi ni mo jẹ́ kí gbogbo ayé rò bẹ́ẹ̀.

Ayépé la wà, nítòsí Ìjẹ̀bú-Òde. Gàrí ni Màmá ń yan látìgbà tí ọkọ mi ti wà lọ́mọ ọwọ́. Tí a bá rin ẹ̀gẹ́ tán, ọjọ́ márùn-ún ló ń lò nínú àpò lábẹ́ òkúta kó tó kan, ẹnikẹ́ni ò sì lè kán wọn lójú. Ilà ṣọ́ọ̀kì ni wọ́n ń fà sára ògiri, ọ̀kan fún ọjọ́ kan. Èmi ni mo ń fi fóònù wá oníbàárà... oníbàárà Èkó kan wá ń pè mí ṣáá pé òun ò lè dúró mọ́. Ọjọ́ kejì péré, Màmá lọ sí asalátù, mo bá fa ilà mẹ́ta kún tiwọn. Nígbà tí wọ́n dé, wọ́n kà á, wọ́n tún un kà, wọ́n bi mí pé ṣé ọjọ́ ti pé lóòótọ́. Mo ní ó ti pé. A yan án.

Gàrí yẹn ò kan, ó tún korò. Ọmọ ará ilé kejì mu ún, ó bì títí wọ́n fi gbé e lọ sí hospital. Ọmọ yẹn ti gbádùn o, Màmá ni ò gbádùn mọ́. Wọ́n ní àwọn ò mọ ọjọ́ kà mọ́. Ọkọ mi ní òun ti ń fura tẹ́lẹ̀ pé wọ́n ń gbàgbé nǹkan, ó bi mí bóyá èmi náà rí i... mo ní mo rí i. I swear, mi ò mọ ohun tó gbé mi sọ ọ́. Kí ló dé tí mi ò lè panu mọ́?

Màmá ti fi agbada tí wọ́n fi ń yan gàrí tọrẹ. Àwọn ìyá tó ń bá wọn bó ẹ̀gẹ́ láàárọ̀, tí wọ́n á máa ṣẹ̀fẹ̀ títí oòrùn á fi mú, ò wá mọ́. Jíjẹ mímu Màmá ti dínkù. Ní Sátidé ọkọ mi fẹ́ mú wọn lọ sílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ l'Ékòó, níbi tí wọn ò mọ ẹnì kankan ládùúgbò, tí àwọn ará ilé yẹn á máa ti ilẹ̀kùn mọ́ wọn tí wọ́n bá lọ síbi iṣẹ́. Màmá ò tiẹ̀ jiyàn.

Tí mo bá jẹ́wọ́, ọkọ mi lè lé mi. Lánàá Màmá di ọwọ́ mi mú, wọ́n ní kí n bá àwọn lọ, pé ohun tí èmi bá sọ nìkan ló dá àwọn lójú báyìí. Ẹ̀yin èèyàn mi, ṣé kí n sọ ọ́ ni? Báwo ni mo ṣe fẹ́ bẹ̀rẹ̀?