Atalẹ̀ Nínú Pirógi Halina

                                        Ilé Adébánjọ,
                                        Castleridge,
                                        Calgary, Canada.
                                        Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kejì, 1986.

Àbúrò mi ọ̀wọ́n, Yéjídé,

Ṣé ara le? Orúnkún rẹ ńkọ́, ṣé ó ti ń jẹ́ kí o gun àtẹ̀gùn? Bàbá Mùnírù àti àwọn ọmọ ńkọ́? Ẹ kú ooru o. Ní tiwa, a wà. Snow ti bo ìlẹ̀kùn ẹ̀yìn, àmọ́ kò tíì bò mí. Àwọn ọmọ ní àwọn fẹ́ bá mi kọ lẹ́tà yìí. Mo ní rárá, ọwọ́ mi kò tíì rọ. Bí o bá rí àṣìṣe, kà á kọjá.

Halina, ìyá àgbà ará Poland kan, ló ń gbé ilé kejì sí wa. Ọmọkùnrin rẹ̀ fẹ́ ọmọ Ṣáínà láti Hong Kong, Caroline lorúkọ rẹ̀. Caroline ti bímọ, ọkùnrin làǹtì-lanti, àmọ́ ìyá ọmọ kò jẹun. Omi ọyàn fẹ́ gbẹ, ọmọ ń ké ṣáá, a sì ń gbọ́ ọ láti ilé wa. Ìyá Caroline kò rí físà gbà láti wá tọ́jú rẹ̀.

Mo ní mò ń lọ kí wọn. Ìyàwó Adébánjọ ọmọ mi ní, "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, it's not our business o." Mo ní bí ọmọ tuntun bá ń ké tí ìyá rẹ̀ ò jẹun, business mi ni. Mo wọ bàtà snow, mo lọ.

Mo bá Halina níbi tó ti ń se pirógi. Ìyẹ̀fun ni wọ́n ń pò, wọ́n á tẹ́ ẹ, wọ́n á fi ànàmọ́ òyìnbó àti olú sínú rẹ̀, wọ́n á pa ẹnu rẹ̀ dé bíi míìtì-páì, wọ́n á wá bọ̀ ọ́. Ó dùn, n kò ní parọ́. Àmọ́ wàrà kíkan tó tutù bíi yìnyín, láti inú fíríìjì, ló dà lé e lórí. Caroline wò ó, ó ní òun ti yó. Ojú Halina pọ́n. Nígbà tí a dé kíṣìnì, ó ní, "Ó rí oúnjẹ mi fín."

Mo padà sọ́dọ̀ Caroline. Mo fi òyìnbó mi tó dá lẹ́sẹ̀ bi í pé kí ni ìyá rẹ̀ ìbá sè fún un. Omi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní lọ́dọ̀ àwọn, abiyamọ tuntun kì í fẹnu kan nǹkan tútù títí oṣù kan yóò fi pé. Omi adìẹ gbígbóná ni, pẹ̀lú atalẹ̀ àti fínígà. Mo ní kí ló dé tí kò sọ? Ó ní ẹnu òun kò gbà á láti sọ fún ìyá ọkọ òun pé oúnjẹ rẹ̀ kò bá òun lára mu. Yéjídé, àánú rẹ̀ ṣe mí. Ṣebí bí tiwa náà nìyẹn, omi gbígbóná, ọbẹ̀ gbígbóná!

Mo sọ fún Halina pé oúnjẹ rẹ̀ kọ́, òtútù ni. Ó takú. Ó ní kéèkì ni wọ́n ń fi atalẹ̀ sí nílẹ̀ àwọn. Mo ní, "Halina, ta ló fẹ́ jẹ ẹ́, ìwọ ni àbí òun?" Ó bú mi ní èdè wọn, mo bú u ní tiwa, ara wá rọ̀ wá. A rin atalẹ̀ sínú ànàmọ́ àti olú. Òun fúnra rẹ̀ ló di pirógi náà, kò jẹ́ kí n fọwọ́ kan ìyẹ̀fun rẹ̀. A sè é sínú omi adìẹ, a ta fínígà sí i, pẹ̀lú omi dúdú oníyọ̀ tí àwọn ará Ṣáínà fi ń sebẹ̀. Halina wá fi àlùbọ́sà díndín lé e bí wọ́n ti ń ṣe é ní Poland. Mo fẹ́ da ata gígún sí i, ó gbá mi lọ́wọ́.

Caroline gbọ́ òórùn rẹ̀, ó dìde jókòó. Ó jẹ ẹ́, ó mu omi rẹ̀, imú rẹ̀ ń ṣomi. Ó na abọ́ sí Halina, ó ní, "Mama, more, please." Kò pè é ní Mama rí, Missus ló máa ń pè é. Halina gba abọ́, ó padà sídìí ìkòkò ní kíṣìnì, ó ń rò ó ṣáá, kò bù ú. Èmi ni mo gba ṣíbí lọ́wọ́ rẹ̀ tí mo bù ú, nítorí ebi ń pa abiyamọ.

Nígbà tí mo délé, ìyàwó Adébánjọ bi mí pé kí ni mo lọ ṣe lọ́hùn-ún. Mo ní mo lọ jẹun ni.

Bá mi kí Fúnmiláyọ̀ àti gbogbo ará ilé, kí o sì sọ fún Ọláníyan pé mo ṣì ń retí fọ́tò ìyàwó rẹ̀. Kí Olúwa dá ẹ̀mí wa sí títí a ó fi tún fojú kan ara wa.

                                        Èmi ni tìrẹ,
                                        Ẹ̀gbọ́n rẹ tí kì í gbọ́ràn,
                                        Ọmọ́yẹni.