Ìràwọ̀ Pupa Tí N Kò Lè Ṣàlàyé fún Ìyá Mi

Ẹ kú ilé o, Màámi. Ẹ kú ojúlọ́nà, ẹ kú àdúrà, ẹ sì kú ìrọ́jú wa. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja níbi tí mo wà yìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orí kápẹ́ẹ̀tì onílé àjèjì ni. Mo kí Fúnmi, àbúrò mi tó ń tọ́jú yín. Mo kí gbogbo ẹbí yín ní Ọ̀rà, pàápàá àwọn tó wọkọ̀ wá sí Ìlá lọ́jọ́ ìkórè kí wọ́n lè gbọ́ ọ̀rọ̀ mi. Àwọn gan-an ni ojú ń tì mí jù láti kí.

Ẹ ó máa wò ó pé kí ló dé tí mo fi gbé lẹ́tà sínú ìwé ìròyìn nígbà tí fóònù wà. Níṣojú ìjọ ni mo ti dójú tì yín, Màámi. Bí mo bá wá ń tọrọ àforíjì ní kọ̀rọ̀, a jẹ́ pé mo tún fi kún un nìyẹn.

Kí ẹni tí kò sí níbẹ̀ lè mọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe rí. Ìjọ wa ní Ìlá-Ọ̀ràngún ń ṣe ìkórè. Olùṣọ́àgùntàn ní kí èmi, ọmọ ìjọ tó ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa ìràwọ̀ ní Kánádà, bá àwọn ọ̀dọ́ sọ̀rọ̀ láti orí fóònù. Wọ́n gbé àwòrán mi sára ògiri, wọ́n gbé ohùn mi sí ẹ̀rọ gbohùngbohùn. Wọ́n mú yín kúrò láàárín àwọn akọrin, wọ́n fi yín jókòó níwájú, torí a mọ bó ṣe máa ń rí nílé wa: bí ọmọ bá sọ̀rọ̀ láwùjọ tó parí, ìyá rẹ̀ ni í dìde tí í kì í, kí àwọn èèyàn tó pàtẹ́wọ́. Oríkì ilé bàbá mi, ẹ̀yin nìkan ló kù tó mọ̀ ọ́n délẹ̀. Bàbá ti lọ, àwọn ìyàwó ilé tí ẹ jọ máa ń kì í náà ti lọ. Èmi ò sì kọ́ ọ.

Mo wá fi Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì ni mo sì ń sọ lọ. Fúnmi sọ fún mi lẹ́yìn náà pé ẹ tẹ́tí títí, ẹ ń wá ibi tí ọ̀rọ̀ máa parí sí. Nígbà tí mo dákẹ́ kí n mu omi, ẹ rò pé mo ti ṣe tán. Ẹ dìde, ẹ tún gèlè yín ṣe, ẹ pe Àkànní lẹ́ẹ̀kan, pẹ̀lú ohùn yẹn tí mo mọ̀ láti kékeré. Mo ní kí ẹ jókòó, pé n kò tíì parí. Gẹ̀ẹ́sì náà ni mo fi sọ ọ́. Gbogbo ilé ìjọsìn bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, Màámi. Ohun tó ń dùn mí jù nìyẹn. Ẹ jókòó, nígbà tí mo sì parí ní tòótọ́, ẹ ò dìde mọ́.

Nígbà tí mo pè yín lọ́jọ́ kejì, ẹ rọra bi mí pé kí ni mo tilẹ̀ ń ṣe pẹ̀lú ìràwọ̀ yìí gan-an. Mo ní kò lè yé yín. Ẹyin lọ̀rọ̀, mo sì la tèmi mọ́lẹ̀. Láti ọjọ́ náà, ẹ ò bi mí mọ́. Ẹ ò pè mí ní Àkànní mọ́ pẹ̀lú. Dókítà ni ẹ ń pè mí, bẹ́ẹ̀ n kò tíì gboyè. Ẹ máa ń béèrè bóyá Dókítà ti jẹun, bóyá òtútù ò pọ̀ jù fún Dókítà. Orúkọ ńlá ni, ṣùgbọ́n bí ìgbà tí ẹ bá ń kí àlejò ló ń rí létí mi.

Òótọ́ ibẹ̀ ni pé kì í ṣe ẹ̀yin ni kò lè yé. Èmi ni n kò lè sọ ọ́. Mo wá ọ̀rọ̀ Yorùbá tí màá fi ṣàlàyé iṣẹ́ mi, n kò rí, ojú tì mí, mo wá fi ìkanra bò ó. Ẹ̀yin tí ẹ ka Bíbélì Yorùbá láti Jẹ́nẹ́sísì dé Ìfihàn, tí ẹ kọ́ mi ní a, b, d lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ tí ẹ fi ń ránṣọ.

Òtútù ibí kọjá ẹnu. Yìnyín ti bo fèrèsé mi bí mo ṣe ń kọ èyí. Yàrá kan ni mo ń gbé, ọ̀sẹ̀ kan sì lè lọ tí n kò ní gbọ́ kí ẹnikẹ́ni dárúkọ mi. Lọ́jọ́ Sátidé, mo máa ń lọ gbé páálí nílé ìkẹ́rùsí kan, owó ibẹ̀ ni mo fi ń jẹun. Ọjọ́ tó kù, iwájú kọ̀ǹpútà ni mo wà, mò ń wo àwòrán ìràwọ̀ kan ṣoṣo. Láti ìgbà ìkórè ni mo ti ń wá Yorùbá tí màá fi sọ ọ́. Mo máa ń sọ ọ́ sókè bí mo bá ń fọ abọ́. Ẹ bá mi gbọ́ ọ wò.

Ìràwọ̀ náà pupa, àgbà sì ni láàárín àwọn ìràwọ̀. Ẹ rántí àgbẹ̀dẹ tí Bàbá máa ń gbé àdá lọ. Irin tó ń gbóná a kọ́kọ́ pọ́n, bó bá gbóná kọjá bẹ́ẹ̀, a funfun báláú. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìràwọ̀. Èyí tó pupa, ara rẹ̀ tutù ju ti oòrùn wa lọ. Ó ṣì lè yọ́ irin o, ṣùgbọ́n láàárín ẹgbẹ́ rẹ̀, ó tutù.

Ó tún tóbi. Bí wọ́n bá gbé e sípò oòrùn wa, á gbé ayé yìí mì, àti Ìlá àti Kánádà. Ṣùgbọ́n títóbi náà kì í ṣe ti ìlera. Ìràwọ̀ a máa jó ohun kan ní àárín inú rẹ̀ bí a ṣe ń jó igi nínú ààrò. Ohun tó ń jó láàárín ti tán. Iná wá bọ́ sí èèpo tó yí àárín náà ká, òun ló ń ti ara rẹ̀ síta. Ó wú ni, kò sanra. Nígbà tí ẹ rí fọ́tò mi nínú kóòtù ńlá, tí ẹ ní mo ti sanra, ó ṣe mí bíi kí n sọ ìyàtọ̀ yìí fún yín.

Ohun tí mo fẹ́ràn jù lára rẹ̀ ni pé kì í dúró sójú kan. Ó ń wú, ó ń súnkì, ó tún ń wú, bí àyà ẹni tó ń mí. Èyí tí mò ń wò yìí, mímí kan ṣoṣo ń gbà á tó nǹkan bí oṣù mọ́kànlá. Bó bá tàn dáadáa, ẹ lè dúró lẹ́yìnkùlé kí ẹ fi ojú lásán rí i. Lẹ́yìn náà, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í jó rẹ̀yìn, á ṣe bàìbàì, títí ojú ò fi ní rí i mọ́, àfi ẹ̀rọ tí à ń fi wo ọ̀nà jíjìn. Ẹni tí kò mọ̀ á ní ó ti kú. Kò kú. Ara rẹ̀ ló tutù sí i, tí ohun kan bíi kùrukùru sì dìde lára rẹ̀ tó bo ìmọ́lẹ̀ náà. Ooru ṣì ń jáde lára rẹ̀ ní gbogbo ìgbà yẹn. Ojú tiwa ni kò lè rí ooru.

Ibi tí mo kọ ọ́ dé nìyẹn tí ojú mi fi lọ sára àpò gaàrí tí ẹ fi rán ọmọ Ìgbájọ kan tó ń bọ̀ níbí. Lẹ́yìn ìkórè ni ẹ fi í ránṣẹ́. Ẹ ti fi ẹ̀rọ rán ẹnu àpò náà pa lẹ́ẹ̀mejì kí ó má baà dànù. Ẹni tí mo ní kó jókòó níṣojú ìjọ ló tún jókòó ti ẹ̀rọ nítorí oúnjẹ mi. Mo sunkún, n kò ní purọ́.

Ó ku ẹyọ kan. Bí ìràwọ̀ náà ṣe ń mí, eruku àti afẹ́fẹ́ ń bọ́ lára rẹ̀ lọ sínú òfuurufú. Níkẹyìn, gbogbo èèpo á lọ tán, á ku kóró kékeré kan tó funfun, tí á máa tutù díẹ̀díẹ̀. Ohun tó bọ́ náà kì í ṣòfò. Inú irú rẹ̀ ni ìràwọ̀ tuntun àti ilẹ̀ tí à ń tẹ̀ ti ń jáde. Oòrùn wa náà á wú bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ kan, ṣùgbọ́n ẹ má mikàn, ọjọ́ náà jìnnà. Iṣẹ́ tèmi ni kí n máa wọn bó ṣe ń tàn àti bó ṣe ń ṣe bàìbàì, kí a lè mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú rẹ̀.

Ó tán. Kò sí ohun tí kò lè yé yín níbẹ̀. Bí mo bá ti sọ ọ́ báyìí lọ́jọ́ ìkórè, ẹ̀ bá mọ ibi tí mo parí sí.

Ẹ dárí jì mí, Màámi. Bí inú yín bá rọ̀, mo fẹ́ kí ẹ kọ́ mi ní oríkì náà, ìlà kan lẹ́ẹ̀kan. Ọlọ́run á dá yín sí fún wa. Abẹ́rẹ́ ò ní gún yín lọ́wọ́, ojú yín ò ní ṣú sí iṣẹ́ yín, ẹ ó jẹun ọmọ pẹ́. Ẹ bá mi kí Olùṣọ́àgùntàn, ẹ kí àwọn akọrin, ẹ kí gbogbo agboolé wa, àtẹni tó rẹ́rìn-ín àtẹni tí kò rẹ́rìn-ín.

Mo ti parí ọ̀rọ̀ mi wàyí. Kì í ṣe omi ni mo fẹ́ mu. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dìde.

Èmi ni ọmọ yín,
Àkànní