“Nílé La Ti Máa Parí Ẹ̀”: Bí Bọ̀ọ̀dá Mi Ṣe Gba Permit Yanrìn Mọ́ Mi Lọ́wọ́

Admin, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi orúkọ mi pamọ́. Ẹ̀yin ará, ẹ bá mi dá sí i, ọmọ ìyá mi ló já mi kulẹ̀... ọmọ ìyá mi gan-an o.

Port Harcourt ni wọ́n bí wa sí. Èmi àti Bọ̀ọ̀dá mi la jọ ń wa yanrìn tà látìgbà tí bàbá wa ti kú. Ìjọba wá ní a gbọ́dọ̀ gba permit, a kọ̀wé sí ọ́fíìsì ìjọba tó ń fúnni, orúkọ àwa méjèèjì ló wà nínú ìwé náà. Ha! Àwọn ará ọ́fíìsì yẹn ò sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, wọn ò sọ pé bẹ́ẹ̀ kọ́. Tí mo bá ti lọ, wọ́n á ní “Madam, e dey process.” Process wo ni kì í tán? Iṣẹ́ dúró, àwọn òṣìṣẹ́ wa túká, mo wá ń ta pure water ní Mile One kí àwọn ọmọ mi lè jẹun.

Ni mo bá lọ bá lọ́yà kan. Ó ní adájọ́ ò ní fún wa ní permit fúnra ẹ̀ o, àmọ́ ó lè pàṣẹ fún wọn kí wọ́n dá wa lóhùn, ì báà jẹ́ yes, ì báà jẹ́ no. Inú mi dùn débi pé mo sunkún. A pẹjọ́, àwa méjèèjì.

Àṣé ọmọ ìlú bàbá wa ni ọ̀gá ọ́fíìsì yẹn. Bó ṣe gbọ́, ó ránṣẹ́ pe Bọ̀ọ̀dá mi sílé ẹ̀ ní Old GRA. Bọ̀ọ̀dá mi dé, ó ní ọ̀gá ń bínú, pé báwo lọmọ ìlú kan náà ṣe máa fa ara wọn lọ sí kóòtù, pé nílé la ti máa parí ẹ̀. Mo ní ó dáa, ká jọ lọ. Ó ní rárá, ọ̀rọ̀ ọkùnrin ni, kí n fi sílẹ̀ fún òun. Ẹ̀gbọ́n mi ni... kí ni kí n sọ? Mo gbà, a fa ẹjọ́ náà kúrò ní kóòtù.

Permit jáde lóòótọ́. Orúkọ Bọ̀ọ̀dá mi nìkan ló wà lórí ẹ̀! Mo bi í, ó ní ṣebí ohun kan náà ni, pé obìnrin á sáà lọ sílé ọkọ. Ilé ọkọ wo? Ọkọ mi ti kọ̀ mí sílẹ̀ tipẹ́, ó sì mọ̀. Ó dùn mí, ó dùn mí gan-an.

Lọ́yà ní mo ṣì lè padà sí kóòtù, àmọ́ àkókò tí òfin fún mi ti fẹ́ tán, mo sì gbọ́dọ̀ pe Bọ̀ọ̀dá mi mọ́ àwọn ará ọ́fíìsì yẹn lẹ́jọ́. Màmá wa ní tí mo bá ṣe é, kí n má pe òun ní ìyá mọ́.

Sunday tó ń bọ̀ yìí ni Bọ̀ọ̀dá mi fẹ́ fi permit náà ṣe thanksgiving ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó ní èmi àbúrò òun ni màá jó níwájú. Ṣé kí n lọ jó ni? Àbí kí n lọ bá lọ́yà? Tó bá jẹ́ ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ máa ṣe? Ẹ sáà má sọ fún mi pé kí n lọ parí ẹ̀ nílé o... ilé wo?