Mi Ò Fọwọ́ Kan Okùn Ẹnìtàn

                                        Ìlú Apá,
                                        Àgbádárìgì,
                                        Ìpínlẹ̀ Èkó.
                                        Ọjọ́ 12, Oṣù Kẹta, 2025.

Ìyá Démọ́lá, ọ̀rẹ́ mi ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa ni gbogbo ilé wà? Bàbá Démọ́lá ńkọ́, ṣé ẹ̀yìn tó ń dùn ún ti fi í lọ́rùn sílẹ̀? Démọ́lá fúnra rẹ̀ ńkọ́, ṣé ó ti ń jẹun, àbí bísíkíìtì nìkan ló ṣì mọ̀? Ẹ kú ooru Abẹ́òkúta o. Àwa náà wà níbí. Ara mi le, àmọ́ inú mi kò dùn, n kò sì ní fi pamọ́ fún ọ.

Ẹnìtàn ti wá. Ẹnìtàn wa náà, tí a jọ kẹ́kọ̀ọ́ iṣẹ́ ọnà, tó máa ń yá búrọ́ọ̀ṣì mi tí kì í fọ̀ ọ́ kó tó dá a padà. Ẹnì kan lórí rédíò pè é ní òṣèré, òmíràn ní ayàwòrán ni, òmíràn ní ó ń ṣe fíìmù. Òun ní gbogbo rẹ̀ lòun, pé ara òun lòun fi ń yàwòrán. Mo pòṣé títí ọkọ mi fi béèrè bóyá eyín ló ń dùn mí. Bí iná kò bá tán láṣọ, ẹ̀jẹ̀ kì í tán léèékánná. Bí orúkọ rẹ̀ bá ṣì ń dún, òṣé mi kò lè tán. Wọ́n ti gbé e lọ Dákà, wọ́n gbé e lọ Bẹ̀líìnì. Ìwọ náà kúkú mọ̀ pé kò mọ ènìyàn yà! Èmi ni mo máa ń bá a tún ìka ọwọ́ wọn yà, torí tirẹ̀ máa ń jọ ọ̀gẹ̀dẹ̀.

Ní Sátidé, ó pè wá sí etí òkun lẹ́yìn erékùṣù Topo. Mo wọ aṣọ tó dáa kí n tó wọ ọkọ̀ ojú omi, kó lè rí i pé ojú kò pọ́n mi. Ó ti ya oríṣiríṣi nǹkan sára aṣọ funfun gbọọrọ kan, ó so ó mọ́ okùn àwọ̀n àwọn apẹja, wọ́n sì gbé òun àti aṣọ náà lọ sínú omi. Àwa tí a wà nílẹ̀ la máa fà á wá bí ẹni ń fa àwọ̀n, kámẹ́rà á sì máa ká gbogbo rẹ̀. Àṣà ibí ni pé ẹni tó bá bá wọn fa okùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ńṣe ló ń kọjá lọ, ó ní ìpín nínú ẹja. Mọ̀dínátù oníbúrẹ́dì pàápàá sọ ẹrù rẹ̀ kalẹ̀, ó fà. Èmi fọwọ́ lẹ́rán, mò ń gbàdúrà pé kí okùn já. Kí Ọlọ́run dárí jì mí.

Okùn kò já. Ẹnìtàn jáde nínú omi, aṣọ náà wé mọ́ ọn lára, ọ̀dà àti iyanrìn ti dàpọ̀, ó ń rìn bọ̀ díẹ̀díẹ̀. Ìyá Démọ́lá, ó dára. Ohun tó ń dùn mí jù nìyẹn. Ká ní kò dára ni, ǹ bá rẹ́rìn-ín, ǹ bá sì máa lọ sílé mi.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n gé aṣọ ọ̀hún, Bàbá Fàsásì tó ni àwọ̀n sì ń pín in fún àwọn tó fà á. Èmi náà nawọ́. Mo ní ọ̀rẹ́ Ẹnìtàn ni mí. Bàbá wo ọwọ́ mi, kò rí iyanrìn kankan níbẹ̀. Ó ní, "Màdáàmù, ẹ má bínú o. Ẹ ò bá wa fà á. Àwọ̀n ò mọ ọ̀rẹ́." Mọ̀dínátù bú sẹ́rìn-ín, ojú gbà mí tì.

Ẹnìtàn fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní òun máa ṣe iṣẹ́ náà ní Àjàṣẹ́, lórílẹ̀-èdè Benin, lóṣù tó ń bọ̀, wọ́n sì ní kí òun mú ayàwòrán kan dání, orúkọ àwọn méjèèjì ló máa wà lára iṣẹ́. "Títí, ìwọ ni mo fẹ́. Ọwọ́ ẹ dáa ju tèmi lọ, ìwọ náà mọ̀." Láti ìgbà tí mo ti bí Olúbùkọ́lá, n ò tíì ya nǹkan kan tí kì í ṣe ti kíláàsì tí mò ń kọ́. Gbogbo ara mi ló fẹ́ lọ. Ẹnu mi ló ní, "N ò ráyè o. Iṣẹ́ pọ̀ níléèwé."

Irọ́ ni. Ọlidé la máa wà. Mo fẹ́ kó bẹ̀ mí ni. Mo fẹ́ kó bẹ̀ mí níṣojú Mọ̀dínátù, kó ní òun kò lè dá a ṣe, kí n ṣe fáàrí díẹ̀ kí n tó gbà. Ó kàn wò mí, ó ní, "Kò burú, ọ̀rẹ́ mi, mo gbọ́," ó dì mọ́ mi pẹ̀lú aṣọ tútù yẹn, ó sì lọ.

Ní ọjọ́ Ajé ni mo gbọ́ pé Akíndé tó ń kọ sáìnbọ́ọ̀dù lọ́nà Ikoga ló máa bá a lọ. Akíndé! Ẹni tí kò lè ya ewúrẹ́ kó má jọ ajá! Wọ́n ní Ẹnìtàn kò tíì sọ̀rọ̀ tán tí Akíndé fi gbà.

Bá mi kí Bàbá Démọ́lá àti Màmá yín. Bí o bá pè mí, má sọ pé n kò jẹ̀bi, má sì sọ pé irú rẹ̀ á tún wá. Bá mi bú Akíndé dáadáa. Ìyẹn nìkan ló lè jẹ́ kí n sùn.

Èmi ni tìrẹ, pẹ̀lú gbogbo owú mi,

Títílọpẹ́.