Irin Ilé Iná àti Obì Tí Délé Pa

Ẹ kú ilé o, ìyá mi. Ẹ kú ojú lọ́nà. Mo kí Délé, àbúrò mi, mo sì kí ìyàwó rẹ̀ tó ń se ìkọ́kọrẹ́ fún yín. Mo dọ̀bálẹ̀ fún Ìyá Ìmùṣin, àbúrò yín, àti gbogbo ẹbí ní Ìjẹ̀bú-Òde.

Kásẹ́ẹ̀tì tí ẹ fi ránṣẹ́ ti dé. Inú mi dùn, àfi ìgbà tí mo gbọ́ ohùn Délé tó ń súre lórí obì níbi ìrántí Bàbá, tí gbogbo yín ń ṣe àmín. Ìyá Ìmùṣin wá ń ṣe yẹ̀yẹ́ pé obì dáwódù tuntun kò korò bíi ti ará ìlú òyìnbó. Ẹ rẹ́rìn-ín, ìyá mi. N kò lè ṣi ẹ̀rín yín gbọ́.

Èmi ni àkọ́bí, èmi ló ń pa obì yẹn. Láti ìgbà tí mo ti lọ, orí àga Bàbá ni ẹ ń gbé e lé, ẹnikẹ́ni kì í fọwọ́ kàn án títí yóò fi gbẹ. Ta ló ní kí wọ́n pa á lọ́dún yìí?

Òtútù ti dé níbí. Ẹsẹ̀ mi ń wú, ẹ̀rù sì ń bà mí pé ọkàn ni. Mo ṣì ń gbálẹ̀ ní ilé iṣẹ́ iná átọ́míìkì tó wà létí òkun. Ẹ má fòyà, n kì í dé ibi tí iná náà wà. Ẹnjiníà kan tí a jọ ń mu tíì ló ṣàlàyé fún mi pé inú ìkòkò irin ńlá kan ni iná náà wà, pé ohun tí ojú kò lè rí ń lu irin náà láti inú, tọ̀sán tòru. Irin náà lè má dípẹtà, ó lè má sán, àmọ́ bó bá pẹ́, kì í fẹ́ tẹ̀ mọ́, ṣíṣẹ́ ló kù fún un. Wọ́n ti kó ègé irin kan náà sínú rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Bó bá yá, wọ́n á yọ ọ̀kan, wọ́n á lù ú títí yóò fi ṣẹ́, kí wọ́n lè mọ bó ṣe kù sí fún ìkòkò. Mo bi í pé kí ló lè ba ìkòkò náà jẹ́ lójijì. Ó ní òtútù ni, pé ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ń mú un tutù. Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń wo ògiri ibẹ̀ tìfura-tìfura.

Délé kò kúrò nílé rí. Ó ń ṣiṣẹ́ ní Òdògbolú, ó ń bá yín jẹun alẹ́, ó mọ eyín tó ń dùn yín. Mo ń jowú rẹ̀, ìyá mi. Òjò tó ń pa á gan-an, mo ń jowú rẹ̀.

Mo ti tọrọ ààyè láti wálé nígbà Àjíǹde. Bí ẹbí bá ti fi Délé sípò mi, ẹ má jẹ́ kí n tún gbọ́ ọ nínú kásẹ́ẹ̀tì, tàbí láàárín èrò. Ẹ pè mí sí yàrá yín, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ jẹun, kí ẹ wá sọ ọ́ fún mi díẹ̀díẹ̀.

Olúwa yóò dá yín sí títí n ó fi dé. Kò ní rẹ̀ yín, ojú yín kò ní ríbi. Ẹ bá mi kí gbogbo ilé, ẹ kí Délé náà.

Èmi ni ọmọ yín, àkọ́bí yín síbẹ̀,
Adébáyọ̀