Ọjọ́ Tí Mo Da Omi Sílẹ̀ Nínú Tẹ́ńpìlì Àtijọ́

                                                  Yàrá kẹta, òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì,
                                                  Ẹ̀yìn ibùdó ọkọ̀.
                                                  Ọjọ́ kẹrìndínlógún, oṣù kẹta.

Ọ̀rẹ́ mi ọ̀wọ́n, Ìyá Ìbejì,

Ṣé dáadáa lo wà? Bàbá Ìbejì ńkọ́, ṣé ẹ̀yìn tó ń dùn wọ́n ti fi wọ́n lọ́rùn sílẹ̀? Àwọn ọmọ wa ńkọ́? Mo gbọ́ pé ọ̀kan ti ga jù ọ́ lọ, èkejì sì ń bínú sí i. Ìyá àgbà ńkọ́, ṣé wọ́n ṣì máa ń bá rédíò jà? Bá mi kí gbogbo wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Ní tiwa níbí, ara le, àfi orúnkún mi tó ń han bí ilẹ̀kùn tí wọn ò fi epo sí. Baálé mi ní kí n kí ọ. Ó ní kí n sọ fún ọ pé òun náà ti di ọ̀mọ̀wé nínú ìtàn ayé àtijọ́, tipátipá ni. Wàá mọ ìdí rẹ̀ láìpẹ́.

Ayọ̀ ń jó nínú mi, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan wà tó gbọ́dọ̀ ṣáájú rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti kọ lẹ́tà yìí, ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ya á, torí bí mo bá ti dé ibi tí mo dé yìí, ọwọ́ mi á kọ̀. Ìyá Ìbejì, mo purọ́ fún ọ. Nínú lẹ́tà mi ti ọdún tó kọjá, mo ní wọ́n ti fi mí ṣe amọ̀nà ní ilé-iṣẹ́ tó ń mú àlejò lọ wo àwọn ibi ìjọsìn àti ilé àwọn ará ìgbàanì. Irọ́ ni. Ilẹ̀ gbígbá ni wọ́n gbà mí fún. Èmi ni mò ń fọ bọ́ọ̀sì wọn láàárọ̀, èmi náà ni mò ń nu ilẹ̀ ọ́fíìsì nírọ̀lẹ́. Mo ti ṣe ìdánwò amọ̀nà lẹ́ẹ̀kan nígbà náà, mo sì ti já kulẹ̀. Ìwọ lo mọ iye iṣẹ́ tí mo ti bẹ̀rẹ̀ tí mi ò parí: aṣọ rírán, irun ṣíṣe, ìwé títà, àti ilé ìtọ́jú ọmọ wẹ́wẹ́ tí mo fi sílẹ̀ lọ́sẹ̀ kejì. Mo rò pé tí o bá tún gbọ́ òmíràn, wàá rẹ́rìn-ín.

Dípò ẹ̀rín, bàtà lo fi ránṣẹ́. Bàtà kánfáàsì funfun, pẹ̀lú ìwé pélébé nínú rẹ̀ pé kí n fi rìn dé ibi tí ojú mi ò dé rí. Mi ò wọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan. Oṣù mọ́kànlá ló fi wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Bí mo bá ń gbálẹ̀, tí ọwọ̀ bá kàn án, ṣe ni mo máa ń tì í wọnú sí i. Baálé mi béèrè, mo ní mò ń tọ́jú ẹ̀ fún òde ni. Irọ́ tún bí ọmọ. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ni òótọ́ máa bá a. Tèmi ò tó ọdún kan tó fi rẹ̀ mí.

O rántí ohun tí wọ́n ń pè mí nílé ìwé. Odídẹrẹ́. Mo lè ka ojú ewé mẹ́wàá láìwo ìwé, ṣùgbọ́n bí ẹnì kan bá sín péré, àfi kí n padà síbẹ̀rẹ̀. Ìwọ lo máa ń fi ẹsẹ̀ ta mí lábẹ́ àga, tí wàá sì fi ètè sọ ọ̀rọ̀ tó kàn fún mi. Mo ti dàgbà, àìsàn yẹn ò dàgbà kúrò lára mi. Nínú ìdánwò àkọ́kọ́, ọmọ ọwọ́ kan ń ké, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni mo sì kí àwọn èèyàn náà káàárọ̀. Nínú ìkejì, ọkùnrin kan bi mí pé ta ni wọ́n sin sínú ibojì kan. Mi ò mọ̀, mo bá hùmọ̀ ọba kan lójú ẹsẹ̀. Mo fún un ní ẹṣin mẹ́fà, mo sì fọ́ ojú rẹ̀ kan. Ọ̀gá wa, obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tó máa ń jókòó sẹ́yìn bọ́ọ̀sì pẹ̀lú ìwé àti bírò, kàn pa ìwé dé ni. Ó ní, “Ìgbà mẹ́ta là ń dán èèyàn wò. Tí ẹ bá já kulẹ̀ nínú ìkẹta, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbájú mọ́ ilẹ̀ tí ẹ ń nù.”

Bàbá Agboòrùn ló ràn mí lọ́wọ́. Àwọn ni amọ̀nà tó pẹ́ jù níbẹ̀, ọdún méjìlélógún, a sì ń pè wọ́n bẹ́ẹ̀ nítorí agboòrùn aláwọ̀ aró tí wọ́n máa ń nà sókè kí àlejò má baà sọnù. Wọ́n kọ́ mi pé amọ̀nà ló ń kọjú sí oòrùn, kí àlejò lè kẹ̀yìn sí i. Wọ́n ní kí n ka orí kí n tó ka òkúta. Wọ́n fún mi ní ìwé ìtàn àwọn ibi mẹ́ta tí à ń lọ: ẹnubodè odi ìlú ni àkọ́kọ́, ibojì àwọn ọba ìkejì, tẹ́ńpìlì ìkẹta. Mo kọ́ gbogbo rẹ̀ sórí. Bí a bá ń jẹun, mò ń kà á. Bí mo bá ń fọ agbada, mò ń kà á. Ó di ọjọ́ kan, baálé mi lọ gé irun, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ìtàn odi ìlú fún onígbàjámọ̀.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta tó kọjá ni ìdánwò ìkẹta. Àlejò mọ́kàndínlógún. Mo ka orí wọn lẹ́ẹ̀mejì. A ò tíì rìn jìnnà tí a rí i pé wọ́n ti gbẹ́ ojú ọ̀nà tó lọ sí ẹnubodè. Dírẹ́bà ní, “Kò burú, tẹ́ńpìlì la máa kọ́kọ́ lọ, ẹnubodè á wá kẹ́yìn.” Ó yí ọkọ̀ padà. Kò mọ̀ pé orí èmi náà ló ń yí yẹn.

Nígbà tí a sọ̀, tẹ́ńpìlì náà wà lọ́wọ́ ọ̀tún wa, òpó òkúta méjìlá, kò sí òrùlé. Mo kọjú sí oòrùn bí wọ́n ṣe kọ́ mi. Mo la ẹnu. Odídẹrẹ́ ló bá mi sọ̀rọ̀: “Ẹ wo ẹnubodè ńlá tó wà níwájú yín, èyí tí ogun méje ò lè wó.” Gbogbo wọn wo iwájú. Ohun tó wà níwájú wọn ni ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àwọn àlejò. Ọkùnrin kan tó gbé kámẹ́rà kọ́rùn ní, “Lóòótọ́, ilẹ̀kùn ẹ̀ le o.” Ẹ̀rín sọ. Bàbá Agboòrùn, tí wọ́n bá wa wá, ń wo ilẹ̀. Ọ̀gá ń kọ nǹkan. Mo wá ẹsẹ̀ rẹ lábẹ́ àga, Ìyá Ìbejì, kò sí àga.

Mo kó wọn wọ inú tẹ́ńpìlì torí mi ò mọ ohun mìíràn tí mo lè ṣe. Màmá àgbà kan wà láàárín wọn, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìntì, wọ́n ń fi ọ̀pá rìn. Wọ́n na ọ̀pá náà sí igun kan, níbi tí ihò kékeré kan wà nísàlẹ̀ ògiri, kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ. Wọ́n ní, “Màdáámù, kí ni ihò yẹn wà fún?”

Kò sí nínú ìwé. Ejò ọba kan ti yọ orí lẹ́nu mi, mo ti fẹ́ sọ pé ibẹ̀ ló ń gbà wọlé. Bàtà abẹ́ bẹ́ẹ̀dì wá sí mi lọ́kàn. Mo ní, “Mi ò mọ̀, mà.”

Ọ̀gá gbé orí sókè, ó tún tẹ orí kọ̀wé. Mo sọ nínú ara mi pé ó tán. Àmọ́ wò ó, bí mo ṣe gbà pé ó ti tán, ẹ̀rù náà tán. Mo lọ síbi ihò yẹn, mo kúnlẹ̀, orúnkún mi han, gbogbo èèyàn gbọ́ ọ. Mo fi ọwọ́ ra ilẹ̀ bí mo ṣe máa ń ṣe nírọ̀lẹ́ ní ọ́fíìsì tí mo bá ń wá ibi tí omi dúró sí. Ilẹ̀ náà dagẹ̀rẹ̀. Ojú lásán ò lè rí i, ṣùgbọ́n ọwọ́ tó ti nu ilẹ̀ fún ọdún kan mọ̀ ọ́n. Mo bi ọkùnrin tó ń ṣọ́ ibẹ̀ bóyá mo lè da omi mímu mi sílẹ̀. Ó ní, “Ẹ da á. Òjò ń da tiẹ̀, kì í tọrọ àyè lọ́wọ́ mi.”

Mo lọ sí àárín tẹ́ńpìlì, mo da ìdajì ìgò sílẹ̀. Omi náà kọ́kọ́ dúró bí ẹni tó ń ronú. Ó wá gbéra, ó gba àárín òpó méjì kọjá, ó kan ojú ibi tí òkúta méjì ti pàdé, ó yà, ó lọ tààrà sí igun, ó sì gba inú ihò yẹn jáde. Ọkùnrin oníkámẹ́rà ní kí n tún da á, òun ò yà á. Mo da èyí tó kù.

Màmá olùkọ́ ò tíì gbà. “Ṣé kì í ṣe òjò ni wọ́n ṣe é fún?”

Mo ní, “Ìwé sọ pé òrùlé wà lórí ẹ̀ nígbà náà, mà. Òjò kì í wọ ilé tó ní òrùlé, àfi tèmi. Mi ò lè búra, ṣùgbọ́n ohun tí mo rò ni pé ẹni tó kọ́ ibí mọ̀ pé ẹnì kan máa fọ̀ ọ́. Àwọn èèyàn wá jọ́sìn, wọ́n lọ. Ẹnì kan kù sẹ́yìn pẹ̀lú omi. Wọn ò kọ orúkọ ẹ̀ sára òkúta, ṣùgbọ́n wọ́n lu ihò yìí fún un.”

Màmá fi ọ̀pá lu ilẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Mo rò pé inú ń bí wọn ni, àṣé bí wọ́n ṣe ń pàtẹ́wọ́ nìyẹn tí ọwọ́ kan bá di ọ̀pá mú. Ni gbogbo wọn bá pàtẹ́wọ́.

Láti ibẹ̀, mi ò ka ìwé kankan lórí mọ́, mò ń bá èèyàn sọ̀rọ̀ ni. Wọ́n já ọ̀rọ̀ gbà lẹ́nu mi níbi ibojì bí ìgbà mọ́kànlá, mi ò padà síbẹ̀rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí a wá dé ẹnubodè nírọ̀lẹ́, mo ní, “Ẹ wo ẹnubodè ńlá tó wà níwájú yín. Ojúlówó rèé.” Ẹ̀rín tún sọ, ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí èmi ni mo ni ín. Mo ka orí, wọ́n pé mọ́kàndínlógún.

Bí a ṣe ń padà, ọ̀gá pè mí sẹ́yìn bọ́ọ̀sì. Ó ṣí ìwé rẹ̀ hàn mí. Ohun tó kọ ni pé, “Ó ní òun ò mọ̀,” ó sì fa ìlà méjì sí ìdí ẹ̀. Ó ní, “Ọdún mẹ́sàn-án ni mo ti ń dán amọ̀nà wò. Gbogbo wọn ló mọ gbogbo nǹkan. Ẹ wá gba fìlà amọ̀nà yín lọ́jọ́ Ajé.” Ohun tó kàn jáde lẹ́nu mi ni pé ta ló máa wá nu ilẹ̀. Ó ní, “Ẹlòmíràn. Ẹ̀yin lẹ máa kọ́ ọ.”

Bàbá Agboòrùn dúró títí tí àwọn àlejò fi lọ tán. Wọ́n ní, “Ọdún méjìlélógún ni mo fi ń sọ fún àwọn èèyàn pé ihò afẹ́fẹ́ ni.” Mo bi wọ́n pé ta ló sọ bẹ́ẹ̀ fún wọn. Wọ́n wo ọ̀tún, wọ́n wo òsì. “Èmi náà ni.”

Ìròyìn mi nìyẹn, Ìyá Ìbejì. Ohun tí mo ní mo jẹ́ lọ́dún tó kọjá, mo ti jẹ́ ẹ báyìí. Mi ò ní kí o má bínú. Bínú tó bó ṣe wù ọ́, ṣùgbọ́n má jẹ́ kó pẹ́, torí mo ti gba àyè kan sílẹ̀ fún ọ nínú bọ́ọ̀sì fún Àbámẹ́ta àkọ́kọ́ lóṣù tó ń bọ̀. Iwájú ni mo fi ọ́ sí. Tí o bá rí i tí mo dúró láàárín ọ̀rọ̀, má fi ẹsẹ̀ ta mí. Jẹ́ kí n ronú.

Bá mi kí Bàbá Ìbejì, kí o sì bá mi bẹ ìyá àgbà kí wọ́n fi rédíò lọ́rùn sílẹ̀. Sọ fún àwọn ìbejì pé mo ní ẹnubodè kan tí mo fẹ́ fi hàn wọ́n.

Bàtà rẹ wà lẹ́sẹ̀ mi lábẹ́ tábìlì bí mo ṣe ń kọ èyí. Ó ti rin tẹ́ńpìlì náà lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀ yìí, ó ti dọ̀tí dáadáa. Ó ń há mi díẹ̀ ní àtàǹpàkò ẹsẹ̀ ọ̀tún. Ǹ bá má sọ ọ́, ṣùgbọ́n mo ti ní mi ò ní purọ́ fún ọ mọ́.

                                                  Èmi ni, tìrẹ láti orí àga ilé ìwé títí di òní,
                                                  Odídẹrẹ́.